Àgbò Tí A Kò Gé Létí

Ní ilé wa ní Ṣakí, títí di òní tí mò ń kọ èyí, bí àwọn àgùntàn bá bímọ lọ́dún, akọ kan máa ń wà tí a kì í gé létí. Àwọn ọmọ ọmọ mi rò pé ìgbàgbé ni. Àwọn ìyàwó ilé ní èèwọ̀ ni. Kì í ṣe ìgbàgbé, kì í sì í ṣe èèwọ̀. Èmi ni mo fà á, ọwọ́ mi ọ̀tún yìí náà ni, nígbà tí mi ò tíì ju ọmọ ọdún mẹ́wàá lọ, ní ọdún tí ó ṣáájú ogun Jámánì.

Kò sí ọgbà ẹran nígbà náà. Ewúrẹ́ àti àgùntàn gbogbo àdúgbò ni ó ń jẹ kiri pọ̀, láti ẹsẹ̀ òkè Àsabàrí títí dé ojú ọ̀nà oko. Nítorí náà ilé kọ̀ọ̀kan ní àmì tirẹ̀. Ilé kan á la etí ọ̀tún sí méjì, ilé mìíràn á dá ihò sí i. Tiwa nílé alágbẹ̀dẹ, ṣóńṣó etí òsì ni a ń gé kúrò, ìwọ̀n orí ìka tó kéré jù. Ẹran tí kò bá ní àmì, ẹran gbogbo ayé ni. Ẹni tí ó bá ń fún ẹran lóúnjẹ ni í fi ọwọ́ ara rẹ̀ gé e, kí ẹran náà má baà kọ ilé. Bí àwọn baba wa ṣe wí nìyẹn, a kò sì bi wọ́n léèrè.

Ẹ̀gbọ́n bàbá mi, Ògúndèjì, ni baálé wa. Alágbẹ̀dẹ ni, ènìyàn kúkúrú tí àyà rẹ̀ fẹ̀ bí ilẹ̀kùn, iná sì ti jẹ irun apá rẹ̀ tán. Bàbá Àgbẹ̀dẹ ni gbogbo àwa ọmọdé ń pè é. Bàbá tèmi, Ìyápọ̀, ni àbúrò rẹ̀, ọmọ ìyá kan náà ni wọ́n. Oko ni bàbá mi ń ṣe, iṣu àti ọkà bàbà, lọ́nà Àgọ́-Àmọ̀dù. Ó ti lé díẹ̀ ní ọdún méjì tí bàbá mi ti wọ ẹ̀sìn ìmàle. Àlùfáà ti sọ ọ́ ní Ràsáàkì, ṣùgbọ́n Bàbá Àgbẹ̀dẹ kò pè é ní orúkọ náà rí. Ó ní ahọ́n òun wúwo.

Àlùfáà Búsàrí ni ó mú bàbá mi wọ ẹ̀sìn. Ọmọ Ṣakí ni, ṣùgbọ́n Ìlọrin ni ó ti kéú fún ọdún mẹ́sàn-án. Ẹ̀wù ni ó ń rán jẹun. Ní ìrọ̀lẹ́ á wá jókòó sí ẹnu ọ̀nà wa, á máa fi abẹ́rẹ́ ṣiṣẹ́ sí ọrùn agbádá, á sì máa sọ fún bàbá mi bí ọdún ṣe rí ní ibòmíràn. Ó ní ní Ìlọrin, ọba fúnra rẹ̀ ni í gun ẹṣin lọ sí Yídì, kò sì sí ilé tí ó gbọ́dọ̀ fi ọ̀bẹ kan ẹran kí lẹ́mọ́mù tó pa tirẹ̀. Ó ní ní Kánò, àwọn ẹlẹ́ṣin á sáré bọ̀ níwájú ọba wọn bí ẹni tó fẹ́ tẹ̀ ẹ́ pa, wọ́n á wá fa ìjánu dúró lójijì, wọ́n á na ọwọ́ sókè: wọ́n ń kí i ni. Ó ní àwọn Bàrùbá ní Níkì, ọdún ìbí Ànábì ni wọ́n fi ń ṣe ńlá, pẹ̀lú ẹṣin àti fèrè gígùn. Ó wá ní ní ẹ̀bá Mẹ́kà, àfonífojì kan wà tí àwọn ènìyàn tí èdè wọn kò dọ́gba ń wọ aṣọ funfun kan náà pé jọ sí, àti pé ẹran tí wọ́n ń pa níbẹ̀ ju gbogbo ẹran Ṣakí àti Ìsẹ́yìn àti Kìṣí lọ ní àpapọ̀.

Ìyá mi, Ọmọ́bọ́lá, tí ó ń gún òrí lọ́wọ́ nítòsí, dá odó dúró.

"Àlùfáà, ẹ jọ̀ọ́, ta ni ń fọ ìfun gbogbo ẹran yẹn?"

Àlùfáà rẹ́rìn-ín títí abẹ́rẹ́ fi gún un. Ó ní òun kò tíì dé ibẹ̀, arúgbó Gàm̀bàrí kan tí ó fi ẹsẹ̀ rìn lọ, tí ó sì fi ẹsẹ̀ rìn bọ̀, ni ó sọ fún òun, arúgbó náà kò sì dárúkọ ìfun.

Ọ̀rọ̀ àgbò bẹ̀rẹ̀ ní iléyá tó ṣáájú. Bàbá mi kò ní ẹran tí yóò pa. Àlùfáà gbé itan kan wá fún wa, ìyá mi sè é, a sì gbé ti baálé fún baálé. Bàbá Àgbẹ̀dẹ jẹ ẹran náà tán, ó fa egungun já, ó ní:

"Ìyápọ̀, ẹran ta nìyí?"

"Ẹran Àlùfáà ni, ẹ̀gbọ́n."

"Tèṣín ńkọ́?"

"Ti Àlùfáà náà ni."

"Ẹ̀sìn yín yìí dùn o. Ẹlòmíràn á pa, ìwọ á jẹ. Bí mo bá mọ̀ pé bẹ́ẹ̀ ló rí, èmi náà ì bá ti fi orí kan ilẹ̀ tipẹ́."

Àwọn tó wà níbẹ̀ rẹ́rìn-ín. Bàbá mi kò rín in. Ọ̀rọ̀ ń bẹ lábẹ́ ẹ̀rín yẹn. Ògún ni ilé wa ń bọ, àbúrò baálé ni ó sì máa ń mú okùn ajá dání ní ọjọ́ ọdún Ògún. Láti ìgbà tí bàbá mi ti ń kírun ni kò mú un mọ́. Ọmọ ìbátan wa kan, Akínyẹlé, ni wọ́n fi rọ́pò rẹ̀, ajá sì ti já mọ́ ọn lọ́wọ́, ó sá wọ inú ọjà lọ lójú gbogbo ayé. Ó dun Bàbá Àgbẹ̀dẹ wọ inú egungun.

"Ó dáa," ó ní. "Jẹ́ kí á fi àdéhùn sí i. Iléyá tó ń bọ̀, bí ẹ̀jẹ̀ àgbò tìrẹ bá kan ilẹ̀ ojúde yìí, mi ò ní dárúkọ okùn ajá sí ọ létí mọ́ títí n ó fi kú. Bí kò bá kàn án, ìwọ ni yóò mú okùn náà, n ó sì mọ̀ pé eré lo lọ ṣe lọ́dọ̀ àwọn aláwọ̀tẹ́lẹ̀ funfun."

"Mo gbọ́, ẹ̀gbọ́n."

"Ẹ ní ẹ gbọ́?" ni ìyá mi wí nígbà tí a wọlé. "Àgbò wo lẹ rí nílẹ̀ tẹ́ ẹ fi gbọ́?"

Kò pé oṣù kan sí i ni bàbá mi ru iṣu lọ sí ọ̀nà Kìṣí, ó fi pààrọ̀ ọ̀dọ́-àgbò kan lọ́wọ́ Fúlàní. Ara rẹ̀ funfun, orí rẹ̀ dúdú bí ìdí ìkòkò. Mo sọ ọ́ ní Olórí-dúdú. Èmi ni bàbá mi fà á lé lọ́wọ́. Ó ní kí n máa bọ́ ọ, kí n má ṣe jẹ́ kí ó ṣẹ́ ẹsẹ̀, kí n má sì ṣe jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi ọ̀bẹ kàn án. Kò sọ ìdí rẹ̀. Nígbà náà, bàbá kì í jókòó ṣàlàyé ọ̀rọ̀ fún ọmọbìnrin ọlọ́dún mẹ́wàá. Mo rò pé kò fẹ́ kí egbò pa á ni.

Mo bọ́ ọ. Èpo iṣu, èèrí ọkà, ewé tí mo lọ já lẹ́yìn òkè. Bí mo bá pè é, á wá. Bí mo bá lọ sódò, á tẹ̀ lé mi, àwọn ọmọbìnrin ẹgbẹ́ mi a sì máa pariwo pé, "Mojọlá, ọkọ rẹ ń bọ̀ lẹ́yìn!" Bí ìwo rẹ̀ ṣe ń yí ni bàbá mi ń wò ó, tí ó ń ka oṣù. Bàbá Àgbẹ̀dẹ náà ń wò ó. Gbogbo ìgbà tó bá kọjá ni á fọwọ́ kan etí òsì rẹ̀.

"Etí yìí ṣì gùn," á ní. "Ẹran tí kò ní ilé."

Ọdún ku ọjọ́ méjìlá nígbà tí bàbá mi lọ sí oko lọ wa iṣu. Ọyẹ́ ti ń fẹ́ díẹ̀díẹ̀, ètè ti ń là. Ó ní òun yóò lo ọjọ́ mẹ́wàá ní abà, òun yóò sì bọ̀ ní àárọ̀ ọjọ́ tí iléyá bá ku ọ̀la. Ọjọ́ kẹta tí ó lọ ni Olórí-dúdú kò bá àwọn yòókù wálé. Mo wá a títí ẹsẹ̀ mi fi wú. Ọjọ́ kejì ni mo tó rí i, nínú agbo ẹran Jẹ́ẹ́dé ní ìsàlẹ̀ àdúgbò, tí wọ́n ti so ó mọ́ òpó.

"Àgbò wa nìyẹn, Bàbá," mo ní.

Jẹ́ẹ́dé ń hun ẹní, kò gbé ojú sókè. "Àgbò yín dà? Wo etí rẹ̀. Ẹran ilé alágbẹ̀dẹ, mo mọ àmì wọn. Ti èyí kò ní àmì. Ó rìn wá fúnra rẹ̀ ni, àlejò mi ni."

Mo sunkún. Ìyá mi wá, ó pariwo. Nígbà tí ó pẹ́, Bàbá Àgbẹ̀dẹ fúnra rẹ̀ wá, pẹ̀lú ẹ̀mú lọ́wọ́, ó ní kí wọ́n tú ẹran náà sílẹ̀, kí èmi lọ dúró sí òpin ojúde kí n pè é. Mo pè é. Àgbò sáré tọ̀ mí wá, ó fi orí gún mi nínú, mo ṣubú. Gbogbo ènìyàn rẹ́rìn-ín, Jẹ́ẹ́dé náà rẹ́rìn-ín.

"Ẹ máa mú un lọ," ó ní. "Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́, Bàbá Àgbẹ̀dẹ: bí ó bá tún wá láìní àmì, ọbẹ̀ ni."

Bí a ṣe dé ilé, Bàbá Àgbẹ̀dẹ mú ọ̀bẹ etí wá. Ọ̀bẹ kékeré ni, bí ewé ọsàn, òun ló rọ ọ́.

"Mojọlá, gé e."

"Bàbá mi ní kí ẹnikẹ́ni má fi ọ̀bẹ kàn án."

"Bàbá rẹ wà ní oko. Ṣé o fẹ́ kí ó bọ̀ wá bá okùn lásán? Láti ìgbà baba baba mi, ẹran kan kò pé ọdún kan ní ilé yìí tí kò ní àmì. Èmi ni mo ní kí o gé e. Bí ó bá bínú, kí ó wá bá mi ní àgbẹ̀dẹ."

Mo wo ìyá mi. Ìyá mi náà ti pariwo títí ohùn rẹ̀ há. "Gé e," ó ní. "Kí la fẹ́ sọ fún un bó bá tún sọnù?"

Kò sí ẹni tí ó rò pé ohun búburú ni. Bí ẹni ń sọ ọmọ lórúkọ ni. Ìyá mi di ẹsẹ̀ rẹ̀ mú, mo di ṣóńṣó etí òsì mú, mo fi ọ̀bẹ lé e. Bí mo ṣe fà á ni eṣinṣin kan bà á lójú, ó ju orí sẹ́yìn. Nígbà tí mo wo ọwọ́ mi, ohun tí ó wà níbẹ̀ kì í ṣe ìwọ̀n orí ìka kékeré. Ó sún mọ́ àbọ̀ etí.

"Háà," ni ìyá mi wí. Ó sáré lọ mú òrí àti èédú lílọ̀, ó fi kùn ún. Bàbá Àgbẹ̀dẹ wò ó, ó mi orí. "Ó pọ̀ díẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹnikẹ́ni kò ní sọ pé òun kò rí i."

Bàbá mi dé ní àárọ̀ ọjọ́ tí ọdún ku ọ̀la. Iṣu wà lórí rẹ̀. Mo sáré lọ pàdé rẹ̀ pẹ̀lú Olórí-dúdú, inú mi dùn, mo fẹ́ kí ó rí bí ó ṣe sanra. Bàbá mi wo ẹran náà. Ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ ní ojú ọ̀nà pẹ̀lú ẹrù lórí, àwọn ènìyàn ń yà fún un.

"Ta ló gé e?"

"Èmi ni, Bàbá."

Kò nà mí. Ì bá sàn kó nà mí. Ó gbé ẹrù náà kalẹ̀, ó ní, "Ẹran tí etí rẹ̀ gé kò ṣe é pa níléyá," ó sì dìde, ó lọ pe Àlùfáà Búsàrí.

Ọjọ́ náà ni mo tó gbọ́ ọ: ẹran iléyá kò gbọ́dọ̀ fọ́jú, kò gbọ́dọ̀ yarọ, ìwo rẹ̀ kò gbọ́dọ̀ kán kí ó máa ṣẹ̀jẹ̀, kò gbọ́dọ̀ rù débi pé kò ní mùdùnmúdùn nínú egungun. Bẹ́ẹ̀ ni a sì gbọ́dọ̀ wo etí rẹ̀.

Àlùfáà dé, ó kúnlẹ̀ ti àgbò náà, ó fi ọwọ́ pa á lórí. Gbogbo ilé ti jáde. Bàbá Àgbẹ̀dẹ dúró sí ẹnu àgbẹ̀dẹ rẹ̀, ó ń wò wá lókèèrè.

"Kì í ṣe gbogbo gígé ni ó ń bà á jẹ́," ni Àlùfáà wí. "Bí ohun tí a gé kò bá ju ìdámẹ́ta etí lọ, ó ṣe é pa. Mojọlá, fa igi ìgbálẹ̀ kan wá."

Mo fà á wá. Ó wọn etí ọ̀tún, tí ó pé, láti ìdí dé ṣóńṣó, ó ṣẹ́ igi náà sí gígùn rẹ̀. Ó wá ṣẹ́ ẹ sí ọgbọọgba mẹ́ta, ó mú méjì, ó tò wọ́n lé etí òsì láti ìdí. Bí etí bá dé òpin igi méjèèjì, àgbò là, bàbá mi là, èmi náà là. Etí tán, igi ṣì kù. Ohun tó kù kò ju èékánná àtàǹpàkò lọ.

Ó ní kí n fa igi mìíràn wá. Ó tún un wọ̀n. Bákan náà ni.

"Ràsáàkì," ó ní, "kò ṣe é."

"Àlùfáà, ìwọ̀n èékánná."

"Mo rí i. Bí mo bá fi èékánná jì ọ́ lónìí, ẹlòmíràn á gbé odidi ìka wá lọ́dún tó ń bọ̀. Lọ kírun rẹ lọ́la. Ẹni tí kò ní, Ọlọ́run kò fi dandan mú un. Ó mọ ọkàn rẹ."

"Ọlọ́run mọ̀ ọ́n," ni bàbá mi wí. "Ẹ̀gbọ́n mi ni kò mọ̀ ọ́n."

Àkókò ti lọ láti wá òmíràn. Àwọn Fúlàní ti tà tán, ìmàle gbogbo tó ní àgbò ti so ó mọ́lẹ̀. Mo wo bàbá mi, mo sì rí i pẹ̀lú okùn ajá lọ́wọ́ lójú ọjà, nítorí ohun tí mo ṣe. Mo lọ dì mọ́ ìdí ìyá mi.

Bàbá Àgbẹ̀dẹ wá rìn wá sí àárín wa. Ojú rẹ̀ le.

"Àlùfáà, jẹ́ kí n bi ọ́. Àmì ilé baba mi, àbùkù ni lójú Ọlọ́run yín?"

Àlùfáà dìde, ó nu eruku orúnkún rẹ̀.

"Bàbá, kì í ṣe àbùkù. Ẹ jẹ́ kí èmi náà bi yín. Bí ọba bá rán sí yín pé ẹ rọ ọkọ́ fún òun, tí ẹ rọ ọ́ tán, tí ẹ rí i pé ó là ní ẹnu díẹ̀, ìwọ̀n èékánná, ẹ ó gbé e fún un?"

"Èmi? N ó gbé ọkọ́ tó là fún oníbàárà? Àgbẹ̀ lásán mi ò gbé e fún, áḿbọ̀sì ọba."

"Ṣùgbọ́n ọkọ́ náà ń roko."

"Ó ń roko o! Ó lè fi roko lóko ara tirẹ̀. Kò ní ti àgbẹ̀dẹ mi jáde."

"Ohun tí à ń sọ nìyẹn, Bàbá."

Bàbá Àgbẹ̀dẹ wo Olórí-dúdú, ó wò mí. Bí ó bá dákẹ́ lọ́jọ́ yẹn, òun ló borí. Gbogbo wa mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n òun ló rọ ọ̀bẹ náà, òun ló sì ní kí n gé e, níwájú ènìyàn.

Ó yí padà, ó wọ ẹ̀yìnkùlé lọ. Ó pẹ́ díẹ̀. Nígbà tí ó jáde, ó ń fa àgbò kan tí à ń pè ní Bàrùbá, nítorí pé àwọn oníṣòwò Bàrùbá ni ó gbà á lọ́wọ́ wọn, ó fún wọn ní ọkọ́ àti àdá. Kò tíì pé ọjọ́ mẹ́sàn-án tó dé. Ẹran gíga ni, ìwo rẹ̀ yí lẹ́ẹ̀mejì, ó burú, ó ti kan Akínyẹlé mọ́ ògiri lẹ́ẹ̀kan. Bàbá Àgbẹ̀dẹ fẹ́ kí ó máa gun àwọn abo rẹ̀, kí àwọn ẹran agbo rẹ̀ lè máa ga. Ó ṣì ń wá ọjọ́ tí yóò gé e létí, nítorí ẹran náà kò tíì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kan orí òun.

"Wò ó," ó sọ fún Àlùfáà.

Àlùfáà wo ojú rẹ̀ méjèèjì, ó ní kí wọ́n fà á rìn, ó wo eyín rẹ̀, ó wo etí ọ̀tún, ó wo etí òsì, ó tún padà wo ojú.

"Ṣé o fẹ́ fẹ́ ẹ ni?" ni Bàbá Àgbẹ̀dẹ wí. "Ó pé àbí kò pé?"

"Ó pé, Bàbá. Ó ju pípé lọ."

"Ìyápọ̀. Mú èyí, fún mi ní tìrẹ. Mi ò fi ẹran ta Ọlọ́run yín lọ́rẹ o, kí ẹnikẹ́ni má lọ sọ bẹ́ẹ̀ lójà. Pààrọ̀ ni."

Bàbá mi dọ̀bálẹ̀. "Ẹ̀gbọ́n, tiyín tóbi ju tèmi lọ ní ìlọ́po méjì."

"Mo ní ojú. Dìde, kí n tó yí ọkàn padà."

"Àdéhùn wa ńkọ́?"

"Ẹ̀jẹ̀ àgbò tìrẹ ni mo wí. A ti pààrọ̀, tìrẹ ni. Ṣùgbọ́n ilẹ̀ kò tíì rí ẹ̀jẹ̀ kankan. Jẹ́ kó rí i ná."

Ní ọjọ́ kejì a jí wẹ̀. Bàbá mi wọ dàńṣíkí funfun tí Àlùfáà rán fún un. Àwọn ọkùnrin ń gbé Ọlọ́run ga lójú ọ̀nà, ohùn wọn ń kọlu òkè, ó ń padà bọ̀. A gba ọ̀nà ọjà lọ sí Yídì, ọ̀nà odò la gbà bọ̀, nítorí pé bẹ́ẹ̀ ni Ànábì ṣe é. Àwa obìnrin wà lẹ́yìn pátápátá. N kò rí ju ẹ̀yìn aṣọ lọ. Nígbà tí wọ́n parí ìrun, tí lẹ́mọ́mù pa tirẹ̀, wọ́n pariwo, gbogbo ènìyàn sì kọrí sí ilé.

Ní ojúde wa, Bàrùbá kò gbà. Ọkùnrin mẹ́ta ni ó dìde sí i, ó gbé ọ̀kan ṣubú, ó ya agbádá èkejì. Bàbá mi mú okùn, àgbò náà fà á káàkiri ojúde bí ọmọdé. Àwọn ará àdúgbò ti pé, Jẹ́ẹ́dé wà lára wọn. Àlùfáà dúró pẹ̀lú ọ̀bẹ, kò rí ibi tí yóò gbà wọlé.

"Ẹ jọ̀wọ́ rẹ̀ sílẹ̀," ni ohùn kan wí. "Ẹ̀ ń dẹ́rù bà á."

Bàbá Àgbẹ̀dẹ ni. Ó wá láti àgbẹ̀dẹ rẹ̀ pẹ̀lú awọ iṣẹ́ ní ìdí, ó gba okùn lọ́wọ́ bàbá mi, ó sún mọ́ àgbò náà, ó fi èjìká tì í, ó ń sọ nǹkan sí i létí, etí òsì tí kò gé náà. Ẹran náà mí, ó dúró. Ó rọra tẹ́ ẹ sílẹ̀ lórí ẹ̀gbẹ́ òsì, ó kọ ojú rẹ̀ sí ibi tí Àlùfáà tọ́ka sí. Ó wá gbé ojú sókè, ó rí ọ̀bẹ.

"Ọ̀bẹ wo nìyẹn? Ẹ fẹ́ pa á ni àbí ẹ fẹ́ fá a lórí? Mojọlá, lọ mú ọ̀bẹ tó wà lẹ́bàá ẹwìrì wá."

Mo sáré. Àlùfáà fi àtàǹpàkò wo ẹnu ọ̀bẹ náà, ó ní, "Èyí ni wọ́n ń pè ní ọ̀bẹ," ó gbé e lé bàbá mi lọ́wọ́. Bàbá mi dárúkọ Ọlọ́run. Ó fà á lẹ́ẹ̀kan. Ẹ̀jẹ̀ kan ilẹ̀.

Jẹ́ẹ́dé ni ó kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. "Ẹ wá wò ó o! Ògúndèjì mú okùn àgbò fún ìmàle! Bàbá Àgbẹ̀dẹ, kí ni a ó máa pè yín báyìí, Àlùfáà Àgbà?"

Bàbá Àgbẹ̀dẹ ṣì di okùn mú. "Okùn ni mo mú, Jẹ́ẹ́dé, mi ò mú tẹsùbáà. Ìwọ tí o ń so ẹran olóhun mọ́ òpó, kí ni a ó máa pè ọ́?"

Ẹ̀rín tí wọ́n rín lọ́jọ́ náà, mo ṣì ń gbọ́ ọ.

Wọ́n pín ẹran náà sí ọ̀nà mẹ́ta, ti ilé, ti ará àdúgbò, ti àwọn tí kò ní. Èmi ni mo gbé ti Jẹ́ẹ́dé lọ, ìyá mi sì ní kí n sọ fún un pé eléyìí náà kò ní àmì. Ó gbà á, ó súre fún wa. Apá kan ni bàbá mi gbé fún Bàbá Àgbẹ̀dẹ. Ó jẹ ẹ́ tán, ó fa egungun já, kò bi ẹnikẹ́ni pé ẹran ta ni.

Nígbà tí ọdún Ògún dé, ajá tún já mọ́ Akínyẹlé lọ́wọ́. Bàbá Àgbẹ̀dẹ wo ẹ̀gbẹ́ ibi tí bàbá mi dúró sí. Ó wò ó pẹ́. Kò dárúkọ okùn, òun fúnra rẹ̀ ló sáré tẹ̀ lé ajá náà.

Olórí-dúdú wà nínú agbo Bàbá Àgbẹ̀dẹ fún ọdún mẹ́rin pẹ̀lú àbọ̀ etí rẹ̀. Òun ni ó gun àwọn abo, kò ga, ṣùgbọ́n ọmọ rẹ̀ pọ̀. Nígbà tí àwọn àkọ́kọ́ tó gígé, a tò wọ́n sí ojúde, Bàbá Àgbẹ̀dẹ jókòó ti ọ̀bẹ etí. Ó dé orí akọ kan tó sanra, orí rẹ̀ dúdú, ó dì í létí mú, ó sì fi í sílẹ̀.

"Èyí, ẹ má gé e. Kí Mojọlá máa bọ́ ọ."

Bàbá mi wà níbẹ̀. Kò sí ẹni tó bi í pé kí ló dé. Bẹ́ẹ̀ ni ó ṣe é lọ́dọọdún. Bí iléyá bá ti kù sí dẹ̀dẹ̀, bàbá mi á kó iṣu wá fún un, á mú àgbò tí a kò gé létí, wọn kì í sì í sọ̀rọ̀ lórí rẹ̀. Láti ìgbà náà náà ni gbogbo àdúgbò ti mọ̀ pé ẹran ilé alágbẹ̀dẹ tí kò bá ní àmì, àgbò iléyá ni. Jẹ́ẹ́dé fúnra rẹ̀ á fà á wálé bí ó bá ṣìnà.

Bàbá Àgbẹ̀dẹ kú ní ọdún àjàkálẹ̀ àrùn lúkúlúkú, nígbà tí a kò rí ènìyàn tí yóò gbẹ́ ilẹ̀ fún òkú. Iléyá ti kọjá ní oṣù tó ṣáájú, a sì ti pa ti ọdún náà. Nígbà tí àrùn lọ tán, tí wọ́n fẹ́ pín àwọn ẹran rẹ̀, wọ́n kó gbogbo wọn jáde, wọ́n ń wo etí. Gbogbo wọn ní àmì, àyàfi ọ̀kan. Akọ ni, ọmọ oṣù mẹ́ta sí mẹ́rin, Bàbá Àgbẹ̀dẹ ti so ó lọ́tọ̀ sí ẹ̀yìn àgbẹ̀dẹ pẹ̀lú okùn tuntun kí ó tó kú, ó ti fi í pamọ́ de iléyá tó ń bọ̀.

Àwọn tó ń pín ẹran ní ta ni kí àwọn fún.

Ìyá mi tú u, ó fi okùn rẹ̀ lé mi lọ́wọ́.